Ẹ Jẹ́ Ká Ka Ìwé Émilie du Châtelet

Bí wọ́n bá dárúkọ Émilie du Châtelet, ọ̀nà méjì ni ọ̀rọ̀ máa ń gbà. Àwọn kan á ní, "Ṣé àlè Voltaire yẹn?" Àwọn mìíràn, tí wọ́n fẹ́ gbà á sílẹ̀, á ní òun ló la ọ̀nà tí Einstein tọ̀. Tèmi ni pé ìyà kan náà ni apá méjèèjì fi ń jẹ obìnrin yìí: wọn kì í ka ìwé rẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká tètè sọ ìtàn rẹ̀. Paris ni wọ́n bí i sí ní 1706, nínú ilé ọlọ́lá. Ó lọ́kọ ní 1725, ó sì bímọ. Académie des sciences kì í gba obìnrin nígbà náà, nítorí náà ó pe àwọn tó mọ ìṣirò wá sọ́dọ̀ láti kọ́ ọ: Maupertuis, lẹ́yìn náà Clairaut. Nígbà tí òun àti Voltaire jọ ń gbé ní Cirey, Académie gbé ìdíje kalẹ̀ lórí ohun tí iná jẹ́. Voltaire ń kọ tirẹ̀. Obìnrin yìí ń kọ tirẹ̀ lóru láìsọ fún un. Kò sí èyí tó gba ẹ̀bùn nínú wọn, ṣùgbọ́n Académie tẹ iṣẹ́ méjèèjì jáde.

Ìwé tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ dúró tì ni Institutions de physique, tó jáde ní 1740, tó kọ fún ọmọ rẹ̀ ọkùnrin. Láyé ìgbà yẹn, físíìsì dà bí ẹgbẹ́ òṣèlú: o jẹ́ ti Descartes, ti Newton, tàbí ti Leibniz. Obìnrin yìí kò wọ ẹgbẹ́. Ó gba òfin òòfà Newton wọlé, ó sì yá ọ̀rọ̀ Leibniz lò, pé kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀ láìnídìí, láti fi bèèrè ohun tó wà lábẹ́ òfin náà.

Ẹ wo ohun tó sọ nípa àbá. Newton ní òun kì í dá àbá. Àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ wá sọ ọ́ di èèwọ̀. Obìnrin yìí ní rárá o, láìsí àbá ìmọ̀ kò lè rìn. Àmọ́ ó fi ìjánu sí i: àdánwò kan ò tó láti fìdí àbá múlẹ̀, ṣùgbọ́n ẹyọ kan ṣoṣo tó bá ta kò ó ti tó láti dà á nù. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ jókòó ní kíláàsì mi, ṣé ẹ rántí ẹni tí à ń yìn fún irú ọ̀rọ̀ yìí? Karl Popper, ní nǹkan bí igba ọdún lẹ́yìn náà. Mi ò ní gbogbo Popper ló wà níbẹ̀ o. Irúgbìn rẹ̀ wà níbẹ̀.

Orí tó kẹ́yìn ló dá ìjà sílẹ̀. Báwo la ṣe ń wọn agbára ohun tó ń sáré? Àwọn ti Descartes ní ìwúwo lọ́nà eré ni. Leibniz ní kí a kọ́kọ́ fi eré sọ eré di púpọ̀ ná. Ní Holland, 's Gravesande ti ju bọ́ọ̀lù idẹ sínú amọ̀ rírọ̀: bí eré bá di ìlọ́po 2, ihò á jìn ní ìlọ́po 4, bó bá di 3, ihò á di 9. Obìnrin yìí gbè sẹ́yìn Leibniz, ó sì tú àwíjàre Mairan palẹ̀. Mairan, akọ̀wé Académie, fèsì ní gbangba ní 1741, bíi pé kò ka ìwé òun dáadáa. Kò pẹ́ tó fi dá a lóhùn, kókó lé kókó. Koenig, tó kọ́ ọ ní ìṣirò, tilẹ̀ ń sọ kiri pé iṣẹ́ òun ló kó. Ṣé ẹ rí i? Wọn ò bi í pé ṣé òótọ́ lo sọ. Wọ́n ń bi í pé ta ló sọ ọ́ fún ọ.

Àmọ́ kí á má fi irọ́ gbè é o. Òun kọ́ ló ju bọ́ọ̀lù wọ̀nyẹn. Ìdọ́gba Einstein náà kò ti ibí yìí jáde. Pé ìlọ́po-ara-ẹni wà nínú méjèèjì kò sọ wọ́n di ọmọ ìyá. Àléébù tí èmi rí ni pé ó gbà pé òṣùwọ̀n kan ṣoṣo ló gbọ́dọ̀ borí. Físíìsì òde òní ń lo méjèèjì: momentum wà, kinetic energy náà wà.

Iṣẹ́ ìkẹyìn rẹ̀ ni Principia Newton, tó túmọ̀ láti Látìn sí Faransé. Àwọn tó ń pè é ní "atúmọ̀ lásán" ò mọ ohun tí ìtumọ̀ jẹ́. Jiọ́mẹ́tírì ni Newton fi kọ ìwé náà; nínú àlàyé tó fi kún un, obìnrin yìí fi ìṣirò calculus tún àwọn ẹ̀rí pàtàkì ṣe. Ẹni tí kò bá yé kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ó lóyún ní ẹni ọdún 42, ẹ̀rù ikú ń bà á, ó wá ń ṣiṣẹ́ tọ̀sán-tòru. Ó fi ìwé náà ránṣẹ́ sí ilé ìkàwé ọba. Ó bímọ ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹsàn-án 1749, ó kú ní ọjọ́ 10. Odindi ìwé náà jáde ní 1759, ọdún tí ìràwọ̀ onírù Halley padà dé bí wọ́n ti fi ìṣirò Newton sọ tẹ́lẹ̀. Òun ni àwọn Faransé ṣì ń kà títí dòní.

Apá kan Institutions ti wà ní èdè Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti orí kẹrin, níbi tó ti sọ̀rọ̀ àbá. Bẹ́ ẹ bá kà á tán tẹ́ ẹ rí i pé irọ́ ni mo pa, ẹ wá bá mi jà. Ìjà yẹn gan-an ló máa wu obìnrin náà ju oríkì lọ.