Afẹ́nifẹ́re, ọ̀rọ̀ kan tí a gbẹ́ bí eyín erin

Lẹ́bàá Ọjà Ọba ní Ọ̀wọ̀ ni mo ti gbọ́ ọ. Màmá kan tó ń ta iṣu gbójú sókè, ó rí ọkùnrin kan tó ń kọjá lọ, ó sì sọ fún obìnrin tó jókòó tì í pé, “Afẹ́nifẹ́re ni.” Kò fi nǹkan kan kún un. Láti kékeré ni mo ti ń gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn nínú ìròyìn, ẹgbẹ́ àwọn àgbà Yorùbá sì ni gbogbo ohun tó ń jẹ́ létí mi: Afẹ́nifẹ́re ní báyìí ni, Afẹ́nifẹ́re ní òun kò gbà. Ọjọ́ náà ni mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ tí a lè fi júwe ẹnì kan tó wọ bùbá tó ti ṣá, tó ń bá ọ̀nà rẹ̀ lọ. Láti ìgbà náà ni mo ti ń yẹ̀ ẹ́ wò bí a ṣe ń yẹ ẹ̀gbà ọwọ́ olówó iyebíye wò, tí mo ń wá ojú ibi tí wọ́n ti so ó pọ̀.

Ọ̀wọ̀ ni ó sì yẹ kí ènìyàn ti gbọ́ ọ. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹrin ọdún 1951, ìlú yìí ni ẹgbẹ́ òṣèlú Action Group ti ṣe ìpàdé ńlá tí wọ́n fi ṣí ẹgbẹ́ náà, lẹ́yìn tí Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ àti àwọn mélòó kan ti dá a sílẹ̀ ní bòókẹ́lẹ́ ní Ìbàdàn ní 1950. Ọlọ́wọ̀ Ọlátẹ́rù Ọlágbẹ̀gí Kejì ló wà lórí oyè. Adékúnlé Ajásin, ọmọ bíbí ìlú náà, tó jẹ́ ọ̀gá àgbà ilé ìwé Imade College nígbà náà, jẹ́ ọ̀kan nínú òpó ẹgbẹ́. Gẹ̀ẹ́sì ni orúkọ tó wà nínú ìwé. Ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ tó fẹ́ kí àgbẹ̀ ní Uso tàbí ní Ìfọ́n gba òun gbọ́ gbọ́dọ̀ ní orúkọ tí àgbẹ̀ náà lè fi ẹnu ara rẹ̀ pè. Ẹgbẹ́ Afẹ́nifẹ́re ni Yorùbá mọ̀ ọ́n sí.

Ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n iṣẹ́ náà ti bẹ̀rẹ̀, nítorí ẹni tó sọ ọ́ lórúkọ kò túmọ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Action fúnra rẹ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀-orúkọ tí a ṣẹ̀dá: act ni wọ́n mú, wọ́n sì so ìrù mọ́ ọn. Ìdí ọ̀rọ̀ ni Gẹ̀ẹ́sì ti sábà máa ń ṣe irú iṣẹ́ yìí; teach a di teacher, rule a di ruler. Orí ni Yorùbá ti ń ṣe tirẹ̀. A ó mú “ṣòfin”, a ó gbé “a” kan ṣoṣo ka iwájú rẹ̀, ó di aṣòfin. A ó mú “ṣojú”, ó di aṣojú, bí irú ẹnì kan ṣoṣo tí Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ́, ìjọba ìbílẹ̀ tó múlé tì í, jọ ń yàn lọ sí Àbújá. Òǹtumọ̀ lásán ì bá wá ọ̀rọ̀ tó dọ́gba pẹ̀lú action. Ẹgbẹ́ náà ì bá di Ẹgbẹ́ Oníṣẹ́, àwọn ènìyàn ì bá sì máa bi ara wọn pé iṣẹ́ wo ni wọ́n ń ṣe, àbí iṣẹ́ ta ni wọ́n wá jẹ́. Bí ohùn bá sì yẹ̀ díẹ̀ lẹ́nu, inú ìṣẹ́ ni orúkọ náà máa bọ́ sí. Ẹni yìí pa Gẹ̀ẹ́sì tì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó béèrè ohun tí àwọn ènìyàn wọ̀nyí fẹ́ jẹ́ fún aládùúgbò wọn, ó sì lọ gbẹ́ ọ̀rọ̀ fún un.

Ẹ jẹ́ ká tú u palẹ̀: a, fẹ́, ẹni, fẹ́, ire. Márùn-ún ni wọ́n, kò sì sí ọ̀kan nínú wọn tí ọmọ ọdún mẹ́ta kò tíì máa sọ. “Fẹ́” wà níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ṣùgbọ́n iṣẹ́ méjì ló ń ṣe. Ti àkọ́kọ́ jẹ́ ti ìfẹ́, pé ẹnì kan wà lọ́kàn ẹni. Ti ìkejì jẹ́ ti ohun tí à ń wá, tí à ń lépa. Wo ohun tó máa ṣẹlẹ̀ bí a bá ya wọ́n. Bí ó bá dúró lórí “afẹ́ni”, ọ̀rọ̀ náà kò fọkàn ẹni balẹ̀. Ẹni tó fẹ́ni lè jẹ́ ẹni tó fẹ́ fi ni ṣaya. Bí ó bá sì jẹ́ “afẹ́re” nìkan, a ó béèrè pé ire ta ni? Olè náà ń fẹ́ ire, ire ara rẹ̀ ni. Ìdajì kọ̀ọ̀kan ló ń bo àléébù ìdajì kejì. Ọpẹ́lọpẹ́ “fẹ́re” ni “afẹ́ni” fi mọ́, ọpẹ́lọpẹ́ “afẹ́ni” ni a fi mọ ẹni tó ni ire náà.

Mo ti rí ohun tó jọ èyí rí nínú iṣẹ́ ọnà Ọ̀wọ̀. Àwọn gbẹ́nàgbẹ́nà ìlú náà láyé àtijọ́ máa ń gbẹ́ irú ẹ̀gbà ọwọ́ kan láti ara eyín erin, tí àwọn kan lára rẹ̀ wà ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù lónìí. Òrùka fífẹ̀ méjì ni, ọ̀kan nínú ọ̀kan, ṣùgbọ́n eyín erin kan ṣoṣo ni wọ́n ti gbẹ́ méjèèjì jáde. Kò sí àtè, kò sí ìṣó. Tòde ń mì lára tinú, kò sì lè bọ́ kúrò láé, àfi bí ènìyàn bá fọ́ ọ. Ọ̀bẹ wọn wọ àárín eyín náà láti ojú àwọn ihò kéékèèké, ó ya òrùka méjì sọ́tọ̀ láìya wọ́n nípá. Fẹ́ kan ṣoṣo tí a gbẹ́ di méjì, tí ìkíní kò lè bọ́ lára ìkejì: bẹ́ẹ̀ ni afẹ́nifẹ́re ṣe rí lójú mi. Kò sí orúkọ oníṣẹ́ lára èyíkéyìí nínú wọn.

Ohùn rẹ̀ ńkọ́? Pè é wò láìyára. Àárín, òkè, àárín, òkè, àárín. Re, mí, re, mí, re. Kò sí ohùn ìsàlẹ̀ kan níbẹ̀. Ó ń gòkè, ó ń padà wálẹ̀ síbi tó ti kúrò, bí ẹni tó ń fi odó gúnyán. Onílù gángan lè sọ ọ́ láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ohun tó wá yà mí lẹ́nu ni pé, bí a bá yí i po, tí a pè é ní “afẹ́refẹ́ni”, ohùn náà kò yí padà rárá. Re, mí, re, mí, re ṣì ni. Nítorí náà kì í ṣe ohùn ló fi ènìyàn ṣíwájú ire. Ẹni tó ń gbẹ́ ẹ ló yàn án bẹ́ẹ̀. Ó fi ẹni síwájú, ó fi ire tẹ̀ lé e, ìyẹn nìkan sì ti tó fún mi láti mọ̀ pé ó ronú sí i.

Fáwẹ̀lì tí a pa jẹ nínú rẹ̀ náà tún ní ẹwà tirẹ̀. “Fẹ́ ẹni” di “fẹ́ni” nírọ̀rùn, nítorí fáwẹ̀lì kan náà ló pàdé ara rẹ̀. Ṣùgbọ́n “fẹ́ ire” di “fẹ́re”, “i” tó wà níwájú ire sì ṣubú. Ní Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ́, “i” yẹn kì í ṣe ohun kékeré. Èdè Yorùbá tí à ń kọ sínú ìwé kò fi “u” bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀-orúkọ, ṣùgbọ́n ní ìhà ibẹ̀, “u” ló ń ṣíwájú ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ tí Ọ̀yọ́ ń fi “i” bẹ̀rẹ̀: igi Ọ̀yọ́ ni ugi wọn. Orúkọ ìlú wọn ń jẹ́rìí sí i, Uso àti Upenmen ní Ọ̀wọ̀, Ute ní Ọ̀sẹ́. Àwọn àgbàlá ààfin Ọlọ́wọ̀ náà, ùghà ni wọ́n ń pè wọ́n. Ẹ wá wo ohun tí afẹ́nifẹ́re ṣe: fáwẹ̀lì tí ahọ́n ìlú kan ì bá fi yàtọ̀ sí ti ìlú kejì, òun gan-an ló ṣubú lójú oríkèé. Yálà ire lo ń pè é nílé tàbí ure, ẹnu kan náà la jọ ń fi sọ fẹ́re. N kò lè fi ọwọ́ sọ̀yà pé ẹni tó ṣẹ̀dá rẹ̀ fojú sí èyí. Oníṣẹ́ ọnà tó mọṣẹ́ kì í sì í ka gbogbo ohun tí ọwọ́ rẹ̀ mọ̀.

Ẹ tún wo ọ̀rọ̀ tó yàn. Kò mú “ènìyàn”, ẹni ló mú. Ènìyàn lè wà lókèèrè, a lè kà á níye. Ẹni kò jìnnà bẹ́ẹ̀, nítorí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ náà wà nínú rẹ̀. Tẹni ni tẹni, à ń sọ. Abánikẹ́dùn tó dé láàárọ̀, èmi ni ó bá kẹ́dùn, ìwọ náà ni ó máa bá kẹ́dùn lọ́la. Kò sì mú “oore”. Aláàánú tó fún ni ní ìrẹsì kóńgò kan ti ṣe oore, oore náà sì parí bí ìrẹsì bá tán. Ire ni ti inú àdúrà: ire owó, ire ọmọ, ire àìkú. Ọ̀rọ̀ ìwúre ni. Àwọn olóṣèlú Action Group ní ọ̀rọ̀ amóríyá kan ní Gẹ̀ẹ́sì tó ń ṣèlérí òmìnira fún gbogbo ènìyàn àti ìgbé ayé tó kún sí i. Yorùbá ti kó gbogbo rẹ̀ sínú sílébù kan, “re”. Nígbà tí ìjọba wọn ṣí ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ọ̀fẹ́ ní Ìwọ̀ Oòrùn Nàìjíríà ní oṣù Kìíní ọdún 1955, ẹni tó fi ọmọ rẹ̀ sí kíláàsì mọ irú ire tí wọ́n ń wí.

Gẹ̀ẹ́sì ní ọ̀rọ̀ méjì tó súnmọ́ ọn, ó sì ní láti yá méjèèjì. Philanthropist wá láti inú èdè Gíríìkì, ìfẹ́ àti ènìyàn ló wà nínú rẹ̀: ìyẹn ni “afẹ́ni”. Àwọn òǹkọ̀wé àtijọ́ tún ní philanthrope, tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ mọ́. Benevolence wá láti inú Látìnì, kí a fẹ́ rere ni: ìyẹn ni “fẹ́re”. Ìdajì wà ní Gíríìsì, ìdajì wà ní Róòmù. Philanthropist sì ti di orúkọ olówó tó ń tú owó ká. Ẹni tó ń gé koríko etí ọ̀nà kò lè jẹ́ ẹ mọ́. Ó lè jẹ́ afẹ́nifẹ́re.

Ọ̀rọ̀ yìí ní àbúrò kan tó jọ ọ́ gan-an. Nígbà tí ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn kan náà dá ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959, ohun èlò tuntun tó wọ yàrá àwọn ènìyàn di amóhùnmáwòrán: a, mú, ohùn, mú, àwòrán. Ọ̀bẹ kan náà, ojú oríkèé kan náà, ọ̀rọ̀-ìṣe kan tó ṣiṣẹ́ lẹ́ẹ̀mejì. Orúkọ ẹgbẹ́ ti Adégòkè Adélabú, olóṣèlú Ìbàdàn, yàtọ̀. Mábọlájẹ́ ni ẹgbẹ́ tirẹ̀, àṣẹ ni wọ́n sì fi ṣe é: má ba ọlá jẹ́. Ọ̀rọ̀ tó le, tó sì dùn ni. Ṣùgbọ́n ẹlòmíràn ni ó ń bá wí. A kò lè fi í júwe ara ẹni.

Ìlò ló wá mú afẹ́nifẹ́re rìn jìnnà sí ibi tí a bí i sí. Ní àwọn ọdún 1950, àwọn tó ń gbé àwòrán ọ̀pẹ, àmì Action Group, kiri ló ń jẹ́ ẹ. Ìjọba ológun fòfin de ẹgbẹ́ òṣèlú gbogbo ní 1966, ọ̀rọ̀ náà sì wọ inú ilé lọ. Nígbà tó jáde padà ní 1993, lásìkò ìjà lórí ìbò June 12, Ajásin ti di àgbà tó ti ṣe gómìnà Òǹdó rí láti 1979 sí 1983, òun sì ni aṣíwájú. Ó ṣe é títí ó fi kú ní 1997. Láti ìgbà náà, Afẹ́nifẹ́re ti di orúkọ ilé kan. Lẹ́tà ńlá ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn, lẹ́tà ńlá yẹn sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ọ̀rọ̀ náà lọ́wọ́ wa. Mélòó nínú wa ló ń sọ pé afẹ́nifẹ́re mẹ́ta wà ní àdúgbò mi? Ìfẹ́nifẹ́re ńkọ́, ìwà tí ẹni bẹ́ẹ̀ ń hù? Kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí lẹ́nu ẹnikẹ́ni, bẹ́ẹ̀ ọ̀rọ̀ tó tọ́ ni, ó sì dùn-ún gbọ́. Ó dùn mí pé à ń wá ọ̀rọ̀ yá káàkiri fún ohun tí a ti gbẹ́ parí sílé.

Ìdí nìyẹn tí n kò fi lè kọjá lọ ní Ọjà Ọba lọ́jọ́ náà. Mo kúnlẹ̀ ti àwọn iṣu náà bí ẹni fẹ́ nájà. Mo ní, “Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ọmọ ẹgbẹ́ Afẹ́nifẹ́re ni bàbá tó kọjá yẹn?”

“Ẹgbẹ́ wo?” Wọ́n wò mí dáadáa. “Òun ló máa ń bá mi sọ iṣu kalẹ̀ lórí mọ́tò láàárọ̀, kò gba kọ́bọ̀ rí. Bó bá sì sọ̀ ọ́ tán, á dúró, á wá máa bi mí léèrè àwọn ọmọ mi, lórúkọ-lórúkọ.”

Wọ́n na iṣu kan sí mi, wọ́n sì bi mí pé èló ni mo máa san.