Ibi tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá ti Dákẹ́

Ọmọ aládùúgbò mi kan níbí ní Festac wá wo Ṣaworoidẹ nílé mi. Ó mọ Túndé Kèlání, ó mọ Kọ́lá Oyèwọ̀ tó ṣe Lápité. Mo ní, "Ta ló kọ ọ́?" Ó ń wojú mi. Bí fíìmù bá dùn, òṣèré àti olùdarí la máa ń dárúkọ. Ẹni tó jókòó kọ ọ̀rọ̀ sí wọn lẹ́nu ńkọ́?

Ó ti pẹ́ tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá (1939–2018) ti ń kọ̀wé kí kámẹ́rà tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Wọ́n tẹ Ẹfúnṣetán Aníwúrà ní 1970, Ó Le Kú tẹ̀ lé e ní 1974. Nígbà tí Mainframe fi máa ṣe fíìmù Kòṣeégbé ní 1995, ọkùnrin náà ti lé ní àádọ́ta ọdún, eré orí ìtàgé sì ti wọ̀ ọ́ lára. Ó hàn. Ìtàn ọ̀gá kọ́sítọ́ọ̀mù tí kì í gba rìbá ni, tí àwọn ọmọ abẹ́ rẹ̀ dìtẹ̀ mọ́. Àwa ará Amúwo-Ọ̀dọ̀fin, tí tírélà akẹ́rù Àpápá máa ń dí ọ̀nà mọ́ ní Mile 2, a ò nílò alálàyé. Ṣùgbọ́n ńṣe ni wọ́n ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀ bí ẹni pé ará ẹ̀yìn gbọ̀ngàn kò gbọ́ràn. Kálukú ń sọ tinú rẹ̀ tán pátápátá. Ọ̀rọ̀ náà dùn, àmọ́ kámẹ́rà ò ríṣẹ́ ṣe.

Fíìmù Ó Le Kú dé ní 1997. Ìró péńpé inú rẹ̀ ló gba ìgboro kan. Àwọn aránṣọ jẹun!

Ṣaworoidẹ jáde ní 1999, ọdún tí àwọn ológun kógbá sílé. Lápité jọba Jogbo, ó kọ̀, kò sín gbẹ́rẹ́ ìmùlẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ẹni tí kò bá sín in, tó dé adé, bí ìlù yẹn bá dún, ó kú. Nítorí náà, etí la fi ń wo fíìmù yẹn. Nígbà tí Lágàtà, ọ̀gá ológun, gba adé tó sì fi dérí, ìlù dún, ó parí. Kò sí ẹni tó wàásù.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ mi, ẹ rántí ohun tí mo máa ń tẹnu mọ́: ìlù kò ní kọ́ńsónáǹtì, kò ní fáwẹ̀lì, ohùn nìkan ló ní. Olùgbọ́ ló ń fi ọ̀rọ̀ sí i. Ohun tí Ìṣọ̀lá ṣe fún wa nìyẹn. Ó fún wa ní ohùn, kálukú fi orúkọ ológun tó mọ̀ sí i. Ọ̀pálábá pàápàá, tí Adébáyọ̀ Fálétí ṣe, òwe ló ń pa, ó ń rẹ́rìn-ín.

Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ yín fẹ́ràn Agogo Èèwọ̀ (2002). Ọ̀kan nínú yín bá mi jiyàn lórí rẹ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú. N ò tíì yí ọ̀rọ̀ mi padà. Ọba rere dé, ó ní kí àwọn ìjòyè wá búra, òfófó ìwà wọn sì jáde. Ohun tí a lè fojú inú wò fúnra wa ni wọ́n tún sọ síta. Ní 2002, ìjọba alágbádá ti dé, ẹnu ti yá, òǹkọ̀wé kò ní ìdí láti fi ọ̀rọ̀ pamọ́ mọ́. (N ò ní kí ológun padà wá o!) Ṣùgbọ́n ìbẹ̀rù yẹn ló kọ́ ọ ní ìdákẹ́jẹ́ tó mú Ṣaworoidẹ dára jù ú lọ.

Ọmọ náà bi mí pé kí ni ìlù náà wí gan-an níparí. Mo ní kó tún un gbọ́. Ó dá fíìmù padà sẹ́yìn, ó sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n.