Ó Le Kú: Igbe Tó Di Aṣọ

Mo lọ gba ṣòkòtò mi ní ṣọ́ọ̀bù télọ̀ kan ní Òkè-Oyì, ni ọmọbìnrin kan bá wọlé, ó na fóònù rẹ̀ sí ìyá télọ̀. "Màámi, olekú ni kí ẹ bá mi rán. Yìgì ọ̀rẹ́ mi ni mo fẹ́ wọ̀ ọ́ lọ."

Mo bi í bóyá ó mọ ibi tí orúkọ yẹn ti wá. Ó rẹ́rìn-ín. "Bọ̀dá, ṣebí stáìlì ni."

Ìyá télọ̀ ò tiẹ̀ gbójú sókè. "Stáìlì kẹ̀? Fíìmù ni. Fíìmù Àjàní."

Fíìmù ni lóòótọ́, àmọ́ ìwé ló kọ́kọ́ jẹ́. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ló kọ Ó Le Kú, ó jáde ní 1974. Túndé Kèlání sọ ọ́ di fíìmù ní 1997, ọ̀pọ̀ ilé sì wo kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n pálọ̀ wọn. Àjàní ń parí ẹ̀kọ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Ìbàdàn, ìyá rẹ̀ sì ń yọ ọ́ lẹ́nu pé kó mú ìyàwó wá. Níbi tó ti ń wá ẹyọ kan, ó bá ara rẹ̀ láàárín mẹ́ta: Àṣàkẹ́, Lọlá àti Ṣadé.

Ẹ padà wo ọdún méjèèjì yẹn. Ọdún 23 ló wà láàárín ìwé àti fíìmù, ibẹ̀ gan-an sì lọ̀rọ̀ wà. Nígbà tí ìwé yẹn jáde, ọ̀rọ̀ òòjọ́ ni. Ẹni tó rà á nígbà náà ò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé ìró kúkurú fún un, torí òun ni àwọn ọmọge ń wọ̀ kọjá níwájú ilé rẹ̀. Nígbà tí Kèlání fi máa gbé kámẹ́rà, ayé yẹn ti lọ. Ó ní láti tún un rán, kó tún un tò, kó dá a padà. Ìtàn tó jẹ́ "lónìí" nínú ìwé wá di "láyé ìgbà yẹn" nínú fíìmù. Ẹ sì mọ bó ṣe máa ń rí: ohun tó bá ti pẹ́ díẹ̀, àdídùn máa ń wọ̀ ọ́. Àwọn tó ti dàgbà rí ìgbà èwe ara wọn, àwọn ọ̀dọ́ rí aṣọ tó wù wọ́n. Kò pẹ́ tí ìró yẹn fi jáde látinú fíìmù, ó bọ́ sọ́wọ́ àwọn télọ̀.

Mi ò dá Kèlání lẹ́bi o. Iṣẹ́ kámẹ́rà ló fi bẹ̀rẹ̀, ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV n'Íbàdàn, ojú rẹ̀ sì mọ ẹwà. Ó tún ṣe ohun kan tí ìwé ò lè ṣe tó bẹ́ẹ̀. Lójú ìwé, Àjàní là ń tẹ̀ lé. Tó bá ti yí ẹ̀yìn sí obìnrin kan, àwa náà ti bá a lọ nìyẹn. Àmọ́ nínú fíìmù, obìnrin náà ní ojú. Èèyàn lè fo ìlà méjì nínú ìwé, kò rọrùn láti fo ojú ẹni tó ń wò ọ́.

Ohun tó sọnù ńkọ́? Ìṣírò inú Àjàní ni. Nínú ìwé, a máa ń gbọ́ bó ṣe ń dá ara rẹ̀ láre, bó ṣe ń sún ọ̀rọ̀ tó yẹ kó sọ lónìí di ọ̀la. Kì í ṣe ìkà, ká sòótọ́. Kò kàn lè wí pé "rárá" ni. Nínú fíìmù, Yẹmí Ṣódìmú ló ṣe Àjàní, ẹ̀rín ẹ̀ sì dùn débi pé a ti dárí jì í kó tó bẹ̀bẹ̀. A ń wo ọ̀dọ́mọkùnrin tó gbáfẹ́, a ò gbọ́ irọ́ tó ń pa fún ara rẹ̀. Irọ́ yẹn sì ni èmi àti ẹ mọ̀ jù. Àjàní tòde òní ò ní láti wọ mọ́tò lọ bá ẹnikẹ́ni. Orí bẹ́ẹ̀dì ló wà tó ń kọ "mo ti délé, mo fẹ́ sùn" sí èèyàn mẹ́ta.

"Ó le kú" kì í ṣe orúkọ aṣọ. Ohun tó ń jáde lẹ́nu èèyàn nígbà tọ́rọ̀ bá ti kọjá agbára ni. Mi ò ní sọ ìparí ìtàn náà fún ẹni tí kò tíì kà á, àmọ́ ẹni tó bá débẹ̀ á mọ ìdí tí ìwé náà fi ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Fíìmù ti bá wa tọ́jú ẹwà rẹ̀. Inú ìwé ni igbe yẹn ṣì wà.

Ìyá télọ̀ ti ń wọn ìró náà dé orúnkún nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ pé ìwé ni.

"Ìwé kẹ̀?" ọmọbìnrin náà ní. "Bọ̀dá, ṣé ó dùn?"

Mo ní, "Ó dùn. Ó sì máa dùn ẹ́."