Ogún Lárúbáwá nínú Ìtàn Sípéènì: Àyẹ̀wò Èrò Castro àti Sánchez-Albornoz

Ìfáárà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Òwe yìí bá awuyewuye tí ó wáyé láàrin àwọn onímọ̀ Sípéènì lórí ogún Lárúbáwá mu. Ní ọdún 711 ni ọmọ ogun Mùsùlùmí wọ ilẹ̀ náà láti Àríwá Áfíríkà. Ní ọdún 1492 ni Granada, ìjọba Mùsùlùmí tí ó kẹ́yìn níbẹ̀, bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọba Kìrìsìtẹ́nì. Láàrin ọdún 1609 sí 1614, wọ́n lé àwọn Morisco, ìyẹn àwọn ọmọ Mùsùlùmí tí wọ́n ti sọ di Kìrìsìtẹ́nì, kúrò nílẹ̀ náà. Ṣé àlejò ni àwọn ènìyàn wọ̀nyí ni, tàbí onílé?

Èrò Àwọn Onímọ̀ Méjèèjì

Ilẹ̀ òkèèrè, níbi tí ogun abẹ́lé ọdún 1936 sí 1939 sọ wọ́n di àtìpó sí, ni àwọn méjèèjì ti fèsì. Nínú *España en su historia* (1948), Américo Castro gbà pé ìgbà tí Kìrìsìtẹ́nì, Mùsùlùmí àti Júù jọ gbé pọ̀ ni ìwà àwọn ará Sípéènì ṣẹ̀. Claudio Sánchez-Albornoz ta kò ó nínú *España, un enigma histórico* (1956). Ó ní ìwà náà ti fìdí múlẹ̀ kí Lárúbáwá tó dé, àti pé àwọn ọmọ onílẹ̀ tí ó gba ẹ̀sìn Islam ni ó pọ̀ jù nínú àwọn Mùsùlùmí ibẹ̀.

Àtúpalẹ̀

Ẹ̀rí èdè gbe Castro. *Alcalde*, olórí ìlú, wá láti ara *al-qāḍī*, adájọ́. *Acequia* ni ojú omi tí wọ́n là wọ oko. *Algodón* ni òwú. *Al* tí ó lẹ̀ mọ́ iwájú irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ náà ni ó wà nínú àlùbáríkà àti àlùbọ́sà ti Yorùbá. Ọ̀rọ̀ ìṣèjọba àti iṣẹ́ oko kì í wọ èdè bí kò bá sí àjọgbé tòótọ́. Àmọ́ kùdìẹ̀-kudiẹ ibẹ̀ ni pé *convivencia*, ìjọgbépọ̀ tí Castro sọ di gbajúmọ̀, lè bo ẹ̀jẹ̀ mọ́lẹ̀. Wọ́n pa ọ̀pọ̀ Júù ní Granada ní ọdún 1066. Ní ọ̀rúndún kejìlá, inúnibíni àwọn Almohad lé ìdílé Maimonides kúrò ní Córdoba.

Ní ti Sánchez-Albornoz, àríyànjiyàn rẹ̀ tako ara rẹ̀. Ó ka Ibn Hazm (994–1064), ọmọ bíbí Córdoba, sí ọmọ Sípéènì. Bí ọ̀rọ̀ bá rí bẹ́ẹ̀, èdè Lárúbáwá tí Ibn Hazm fi kọ̀wé di èdè ilẹ̀ Sípéènì pẹ̀lú. Ènìyàn kò lè gba ọmọ kí ó kọ ohùn ọmọ.

Ní ọdún 1948 kan náà, Samuel Stern fi hàn pé èdè Róòmáǹsì, ìbátan Sípáníìṣì òde òní, ni ó parí àwọn ewì Hébérù kan tí wọ́n kọ ní Al-Andalus. Ààlà tí àwọn onímọ̀ fẹ́ pa kò sí lẹ́nu àwọn akéwì.

Ìgúnlẹ̀

Ìmọ̀ èdè Lárúbáwá kọ́ ni iṣẹ́ Castro, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ti Sánchez-Albornoz. Síbẹ̀, orí àwọn tí ó kọ Lárúbáwá ni wọ́n dá ẹjọ́ lé. Emilio García Gómez, onímọ̀ Lárúbáwá, túmọ̀ ìwé Ibn Hazm lórí ìfẹ́ sí Sípáníìṣì ní ọdún 1952. Irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni ó jẹ́ kí ẹni tí wọ́n ń ṣẹjọ́ rẹ̀ sọ tẹnu rẹ̀. Olùkọ́ tí yóò kọ́ni ní ìtàn yìí ní láti kọ́kọ́ gbọ́ ọ.