Ohùn Ẹni Tí A Kò Tẹ̀lé: Ìhun Míṣínà àti Ẹ̀kọ́ Rẹ̀ fún Ìkójọ Lítíréṣọ̀ Alohùn Yorùbá

Ìfáárà

Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá ti Mowe, Ibafo tàbí Ifọ̀ wá sí ilé-ẹ̀kọ́ olùkọ́ni kì í ṣe àjèjì sí ọ̀rọ̀ náà "Farisí". Kámpù ìjọ Rídíìmù wà lẹ́bàá Mowe, ibùdó àdúrà ìjọ Orí Òkè Iná sì wà ní Ibafo, méjèèjì lójú ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn. Ọmọ tí ó dàgbà ní irú agbègbè bẹ́ẹ̀ lè ti gbọ́ nípa àwọn Farisí nínú ìwàásù kí ó tó mọ ìwé kà. Èébú ni ó sì mọ orúkọ náà sí: alágàbàgebè, ẹni tí ó mọ òfin ṣùgbọ́n tí kò ní àánú. Ohun tí kì í sábà wáyé nínú irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ ni ìbéèrè nípa ohun tí àwọn ènìyàn wọ̀nyí gbé sílẹ̀ fún ìran tí ó tẹ̀lé wọn.

Ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé àwọn rábì tí wọ́n ṣe àgbékalẹ̀ Míṣínà jogún púpọ̀ nínú ẹ̀kọ́ àwọn Farisí, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn rábì fúnra wọn kì í sábà fi orúkọ yẹn pe ara wọn. Iṣẹ́ yìí yẹ Míṣínà wò gẹ́gẹ́ bí lítíréṣọ̀ tí a fi ẹnu gbé ró. Kókó rẹ̀ ni pé ọnà tí ó ga jù lọ nínú àkójọ òfin náà ni bí ó ṣe dá ohùn ẹni tí a kò tẹ̀lé sí, tòun ti orúkọ rẹ̀. Ẹ̀kọ́ yìí kan olùkọ́ Ìmọ̀ Ẹ̀sìn Kristẹni, ó sì kan olùkọ́ èdè Yorùbá tí yóò gba ìtàn, oríkì tàbí ẹsẹ Ifá sílẹ̀ lẹ́nu àwọn àgbà.

Ìbẹ̀rẹ̀ Àwọn Rábì

Ní ọdún 70 Sànmánì Kristẹni, ọmọ-ogun Róòmù, lábẹ́ ìdarí Titus, dáná sun Tẹ́ńpìlì Jerúsálẹ́mù. Níbẹ̀ ni ẹbọ ti ń rú, níbẹ̀ sì ni ọlá àwọn àlùfáà wà. Nígbà tí ó jóná, ìbéèrè ńlá kan dìde: báwo ni a ṣe ń sin Ọlọ́run nígbà tí kò sí pẹpẹ mọ́? Ìtàn tí àwọn rábì sọ lẹ́yìn náà ni pé àwọn ọmọ-ẹ̀yìn Yohanan ben Zakkai gbé e sínú pósí bí ẹni tí ó ti kú, wọ́n sì fi ọgbọ́n gbé e jáde nínú ìlú tí ogun ká mọ́. Ibi tí ó fìdí kalẹ̀ sí ni Yavne, níbi tí àwọn ọlọ́gbọ́n ti péjọ láti kẹ́kọ̀ọ́ àti láti jiyàn. Lẹ́yìn tí ọ̀tẹ̀ Bar Kokhba ti ọdún 132 sí 135 forí ṣánpọ́n, ìkórajọ náà ṣí lọ sí Gálílì. Níbẹ̀, ní nǹkan bí ọdún 200, ni Judah ha-Nasi ti to ẹ̀kọ́ àwọn ìran ìṣáájú jọ di Míṣínà.

Ọ̀wọ́ mẹ́fà ni Míṣínà ní: Irúgbìn, Àjọ̀dún, Obìnrin, Ìbàjẹ́ Ohun Ìní, Ohun Mímọ́ àti Ìwẹ̀nùmọ́. Ìwé kéékèèké 63 ni ó wà nínú àwọn ọ̀wọ́ wọ̀nyí. Ó yẹ kí olùṣelámèyítọ́ fi ojú sí i pé ọ̀wọ́ méjì tí ó gbẹ̀yìn fi púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ wọn sọ nípa ẹbọ àti ìwẹ̀nùmọ́ tí ó rọ̀ mọ́ Tẹ́ńpìlì. Òfin ni wọ́n ń ṣe fún ilé tí ó ti di eérú. Neusner (1981) tẹnu mọ́ ọn pé àwọn tí ó ṣe Míṣínà ń fi ọ̀rọ̀ tún ayé kan kọ́, ayé tí ó létò, tí ogun kò sì lè fọwọ́ kàn. Èyí ló jẹ́ kí a lè pe ìwé òfin yìí ní lítíréṣọ̀: ohun tí ọwọ́ kò lè tún mọ ni ẹnu ń tún mọ.

Ẹnu sì ni lóòótọ́. Ọ̀rọ̀ ìṣe tí ó túmọ̀ sí "títún ọ̀rọ̀ wí" ni a ti ṣẹ̀dá orúkọ Míṣínà, "àwọn atúnwí" sì ni ìtumọ̀ tánà, orúkọ tí a ń pe àwọn ọlọ́gbọ́n ìgbà náà. Lieberman (1950) ṣàlàyé pé ẹ̀dà Míṣínà tí a fọwọ́ sí kì í ṣe èyí tí a kọ sórí awọ. Inú orí atúnwí tí ó há a sórí ni ó wà. Ẹni tí ó bá ti rí ọmọ awo tí ó jókòó ti ọ̀gá rẹ̀, tí ó ń tún ẹsẹ pè títí tí kò fi ní ṣì í mọ́, kò ní ṣẹ̀ṣẹ̀ máa bèèrè bí irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ ṣe ń rí.

Ìhun àti Ọnà Inú Míṣínà

Àpẹẹrẹ méjì yóò fi ìhun yìí hàn. Èkíní ni ìbẹ̀rẹ̀ ìwé náà gan-an. Kò fi ìtàn ìṣẹ̀dá bẹ̀rẹ̀, kò sì fi àṣẹ bẹ̀rẹ̀. Ìbéèrè nípa àkókò ni ó fi ṣí ẹnu: láti ìgbà wo ní ìrọ̀lẹ́ ni a lè ka Ṣémà, ìjẹ́wọ́ àwọn Júù pé ọ̀kan ṣoṣo ni Ọlọ́run? Kò sọ fún òǹkàwé ìdí tí a fi ń kà á; ó gbà pé ọmọ ilé ni òǹkàwé. Ìṣe àwọn àlùfáà, nígbà tí wọ́n bá wọlé lọ jẹ oúnjẹ mímọ́ wọn, ni a fi ṣe òṣùwọ̀n àkókò náà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé Tẹ́ńpìlì tí ó gbé ipò àlùfáà ró ti jóná ní nǹkan bí ọdún 130 ṣáájú.

Lẹ́yìn èyí ni ìyàtọ̀ ohùn dé. Rábì Eliezer ní àkókò náà dópin nígbà tí ìṣọ́ òru àkọ́kọ́ bá parí. Àwọn ọlọ́gbọ́n tí ó pọ̀ ní ó di ọ̀gànjọ́. Rábánì Gamaliel ní ó di ìgbà tí ilẹ̀ bá ń mọ́. Gamaliel yìí ni ọmọ-ọmọ Gamaliel tí Pọ́ọ̀lù sọ nínú ìwé Ìṣe àwọn Àpọ́sítélì pé òun kẹ́kọ̀ọ́ lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Míṣínà wá fi ìtàn kékeré kan kún un: àwọn ọmọ Gamaliel ti ibi àsè dé lóru, wọ́n sọ fún bàbá wọn pé àwọn kò tíì ka Ṣémà, bàbá sì dá wọn lóhùn pé bí ilẹ̀ kò bá tíì mọ́, dandan ni kí wọ́n kà á. Lẹ́yìn ìtàn náà ni àlàyé dé: kí ènìyàn má baà ṣẹ̀ ni àwọn ọlọ́gbọ́n ṣe fi ààlà sí ọ̀gànjọ́. Ibí yìí ni ọnà wà. Ohùn ẹnìkan ni ó túmọ̀ ohùn ọ̀pọ̀. Bí a bá yọ ti Gamaliel kúrò, òfin àwọn yòókù yóò ku láṣẹ lásán, kò ní ní ìdí tí òǹkàwé lè dì mú.

Àpẹẹrẹ kejì wá láti inú ọ̀wọ́ Ìbàjẹ́ Ohun Ìní. Ènìyàn méjì di aṣọ kan mú. Èkíní ní òun ni òun rí i, tòun ni gbogbo rẹ̀. Èkejì náà wí bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́. Ìdájọ́ ni pé kí olúkúlùkù búra pé tòun nínú rẹ̀ kò dín sí ìdajì, kí wọ́n sì pín in. Bí ẹnìkan bá ní gbogbo rẹ̀ ni tòun, tí èkejì sì ní ìdajì ni tòun, èkíní yóò búra pé kò dín sí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin, èkejì yóò búra pé kò dín sí ìdá kan nínú mẹ́rin. Kò sí orúkọ, kò sí ìlú, kò sí àlùfáà. Ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn aláríyànjiyàn gan-an ni ó gbé ìdájọ́ ró. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Míṣínà kò pa irú òwe bẹ́ẹ̀ níbí. Bí a ṣe to gbólóhùn náà, tí ẹnu méjèèjì fi dọ́gba, ni ó fi sọ ọ́.

Ohùn Ẹni Tí A Kò Tẹ̀lé

Ilé-ẹ̀kọ́ Hillel àti ilé-ẹ̀kọ́ Shammai ni ó gbajúmọ̀ jù fún irú ìyàtọ̀ yìí. Lọ́pọ̀ ìgbà, ti Hillel ni a tẹ̀ lé. Síbẹ̀ a kì í yọ ti Shammai kúrò. Nínú ìwé kan tí a ń pè ní Éduyótì, Míṣínà fúnra rẹ̀ bèèrè ìdí tí a fi ń dárúkọ ẹnìkan láàárín ọ̀pọ̀ nígbà tí ó jẹ́ pé ti ọ̀pọ̀ ni òfin ń tẹ̀ lé. Ìdáhùn méjì ni ó fi lélẹ̀. Èkíní ni pé kí ìgbìmọ̀ adájọ́ kan lọ́jọ́ iwájú lè rí ohun gbé ara lé bí ọ̀rọ̀ ẹnìkan náà bá tọ́ lójú wọn. Èkejì, tí a fi sẹ́nu Rábì Judah, ni pé bí ẹnìkan bá wá sọ pé bẹ́ẹ̀ ni òun ṣe gbà á lọ́wọ́ àwọn àgbà, kí a lè fi hàn án pé ohùn ẹni tí a kò tẹ̀lé ni ó gbọ́. Ìdáhùn kan ṣí ilẹ̀kùn, èkejì tì í. Àwọn tí ó to ìwé náà kò sì yan ọ̀kan. Wọ́n fi méjèèjì sílẹ̀.

Cohen (1984) rí èyí gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ tí Yavne ṣe: dípò kí ìyàtọ̀ èrò máa bí ẹgbẹ́ tuntun bí ó ti rí ṣáájú ọdún 70, àwọn ọlọ́gbọ́n gbà láti jiyàn lábẹ́ òrùlé kan náà. Boyarin (2004) kò gbà bẹ́ẹ̀ pátápátá. Ó ní àwọn tí ó ṣe Tálímúdù ní ọ̀rúndún púpọ̀ lẹ́yìn náà ni ó gbé àwòrán ìfaradà yẹn sẹ́yìn wọ Yavne. Àtakò yìí lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, nítorí ìfaradà Míṣínà ní ààlà. Àwọn ọkùnrin ni wọ́n ń jiyàn nípa àwọn obìnrin ní ọ̀wọ́ tí ó ń jẹ́ orúkọ wọn. Bí ọ̀rọ̀ àwọn Sadusí bá sì jẹ yọ, kí a lè dá wọn lóhùn ni. Àríyànjiyàn inú ilé ni a dá sí. Ti ìta kò rí bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, èyí kò sọ Éduyótì di asán. Ìgbà yòówù kí a fi ìfaradà náà sí, ìbéèrè náà wà nínú ìwé, ìdáhùn méjèèjì sì wà níbẹ̀.

Ẹ̀kọ́ fún Olùkójọ Lítíréṣọ̀ Alohùn

Nínú ẹsẹ Ifá náà, orúkọ ni ọ̀rọ̀ sábà máa ń gbà bẹ̀rẹ̀. Abimbola (1976) fi hàn nínú àlàyé rẹ̀ lórí ìhun ẹsẹ pé orúkọ babaláwo ayé àtijọ́ ni ó ń ṣáájú, kí a tó gbọ́ ẹni tí wọ́n dá Ifá fún àti ìdí tí wọ́n fi dá a. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí orúkọ ń ṣe yàtọ̀. Nínú ẹsẹ, bí orúkọ bá tilẹ̀ pọ̀, lọ́pọ̀ ìgbà ohùn kan ni wọ́n jùmọ̀ ń sọ. Àṣẹ ìgbà ìwáṣẹ̀ ni orúkọ fi ń ti ọ̀rọ̀ lẹ́yìn. Nínú Míṣínà, orúkọ ni àmì pé ẹlòmíràn wí bí mìíràn. Ìyàtọ̀ tí Ifá ní kò sí láàárín ẹsẹ kan. Àárín awo kan sí èkejì àti ìlú kan sí èkejì ni ó wà.

Ìdí nìyí tí ìwé títẹ̀ fi lè pa á run láìmọ̀. Iṣẹ́ ribiribi ni Ìjìnlẹ̀ Ohùn Ẹnu Ifá (1968), tí ó gbé ẹsẹ Ifá dé iyàrá ìkàwé. Àjọ UNESCO náà ti kéde Ifá ní ọdún 2005 gẹ́gẹ́ bí ogún aláìlẹ́gbẹ́ fún gbogbo ayé. Àléébù tí ó lè tẹ̀lé e jẹ́ ti òǹkàwé: akẹ́kọ̀ọ́ tí ó há ẹ̀dà kan sórí láti inú ìwé lè gbọ́ babaláwo ní Ifọ̀ tí ó pe ẹsẹ náà lọ́nà mìíràn, kí ó sì sọ pé bàbá ṣì í pè. Ìwé ti di adájọ́, ohùn tí kò sí nínú rẹ̀ sì ti jẹ̀bi kí a tó gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí le sí i ní Mowe, Ibafo àti Ifọ̀. Bí Èkó ṣe ń kún sí i ni àwọn ènìyàn láti ibi gbogbo ń kọ́lé sí àwọn ìlú wọ̀nyí, ilẹ̀ sì ń di owó. Níbi tí ilẹ̀ bá ti di owó, ìtàn ìtẹ̀dó kò ní ṣàìdi ẹ̀rí. Olùkọ́ tí ó bá gba ìtàn ìdílé kan sílẹ̀, tí ó pè é ní ìtàn ìlú, ti fi kálàmù dá ẹjọ́ tí ẹnikẹ́ni kò gbé wá síwájú rẹ̀.

Ohun mẹ́ta ni ó lè rí kọ́ lára Míṣínà. Àkọ́kọ́, kí ó kọ orúkọ abẹ́nà ìmọ̀ kọ̀ọ̀kan sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀, bí onítọ̀hún bá yọ̀ǹda, dípò kí ó kọ "àwọn àgbà sọ pé". Èkejì, bí ohùn méjì bá takora, kí ó kọ méjèèjì sójú ewé kan náà, kí ó má ti ọ̀kan sí ẹsẹ̀ ìwé. Ẹ̀kẹta, kí ó kọ èyí tí àwọn ará ìlú ń tẹ̀ lé, nítorí Míṣínà kò ṣe bí ẹni pé gbogbo ohùn ni ó di òfin. Kì í ṣe pé Ifá àti Míṣínà jẹ́ ọ̀kan náà. Òfin ni ọ̀kan, ìmọ̀ ìfá ni èkejì. Ọ̀nà ìpamọ́ ni a ń fi wéra.

Àgbálọgbábọ̀

Èrè ìpamọ́ náà hàn lẹ́yìn Míṣínà. Tálímúdù ti Palẹstínì, ní nǹkan bí ọdún 400, àti ti Bábílónì, ní nǹkan bí ọ̀rúndún kẹfà, padà sórí àwọn àríyànjiyàn wọ̀nyí, wọ́n sì ń bèèrè ìdí tí Shammai fi wí bẹ́ẹ̀ àti èrò tí Eliezer gbé lé e. Wọ́n rí i ṣe nítorí pé ẹni tí ó ṣáájú wọn kò pa orúkọ náà rẹ́. Ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n kì í jẹ́ kí a pe àgbà ní wèrè. Olùkọ́ tí ó bá mọ ìtàn yìí yóò ronú kí ó tó lo "Farisí" bí èébú ní kíláàsì. Nígbà tí ó bá sì jókòó ti àgbà méjì tí ọ̀rọ̀ wọn kò dọ́gba, yóò ṣí ojú ewé mìíràn fún ẹnìkejì.