Òkúta Tó Di Iná

Àwa ará Ìtòrí mọ òkúta tó ń di sìmẹ́ǹtì. Èyí tó di iná ni mo kà nípa rẹ̀ nínú The Laser Odyssey, ìwé Theodore Maiman, ará Amẹ́ríkà, tó jáde ní 2000.

Ní ọjọ́ 16 oṣù Karùn-ún, 1960, ó tan fíláàṣì fọ́tò alágbára yí òkúta pupa kékeré kan tí wọ́n ń pè ní rúbì ká, ni lésà àkọ́kọ́ bá yọ! Ibẹ̀ ló dùn jù nínú ìwé náà.

Ṣùgbọ́n àròyé rẹ̀ pọ̀. Physical Review Letters kò gba àkọsílẹ̀ rẹ̀. Ní 1964, Townes, Basov àti Prokhorov gba Nobel, òun kò rí i gbà. Ó dun ni lóòótọ́. Àmọ́ ẹni tí dókítà fi lésà tọ́jú ojú rẹ̀, ṣé yóò bèèrè àmì ẹ̀yẹ? Iṣẹ́ ọkùnrin náà ti rojọ́ fún un. Ìbá dín tirẹ̀ kù.