Ẹnu Tí Ó Mọ Ìgbà Tí Etí Yóò Ṣiṣẹ́: Àgbéyẹ̀wò Iṣẹ́ Noel Edmonds Lórí Rédíò àti Nínú Ètò Ọmọdé

Ìfáárà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, ni a fi dá Ilẹ̀-Ifẹ̀. Òwe yìí kò ṣòro láti pa. Láti fi í ṣe ìwà hù nínú kíláàsì ni ó ṣòro. Olùkọ́ a máa sọ pé òun ń fún ọmọ láàyè láti sọ̀rọ̀, síbẹ̀ ohùn tirẹ̀ nìkan ni a óò máa gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ dé òpin. Ohun tí iṣẹ́ yìí fẹ́ ṣe ni láti wo bí ẹnì kan tí ọ̀rọ̀ sísọ jẹ́ iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀ ṣe wá ojútùú sí ìṣòro yìí, àti ibi tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ti yẹ̀. Ẹni náà ni Noel Edmonds, atọ́kùn ètò ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí a bí ní ọdún 1948. Ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ kọ́ ni a fẹ́ sọ. Ọ̀nà tí ó gbà ń bá olùgbọ́ lò ni a fẹ́ yẹ̀ wò.

Láti orí rédíò

Ní ọdún 1968 ni Edmonds bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Radio Luxembourg. Ní 1969, ó bọ́ sí Radio 1 ti ilé-iṣẹ́ BBC, ó sì jẹ́ atọ́kùn ètò orin òwúrọ̀ níbẹ̀ láti 1973 títí di 1978. Iṣẹ́ ẹni tí ń gbé orin sáfẹ́fẹ́ ní òwúrọ̀ yàtọ̀ sí ti oníwàásù tàbí ti òṣèlú. Kò rí ẹni tí ó ń bá sọ̀rọ̀. Ẹni náà lè máa fọ eyín, ó lè máa wọ bàtà fún ọmọ. Bí atọ́kùn bá ń pariwo bí ẹni tí ó dúró níwájú ogunlọ́gọ̀ èrò, olùgbọ́ yóò pa rédíò rẹ̀. Ó ní láti sọ̀rọ̀ bí ẹni tí ó jókòó ti ẹnì kan ṣoṣo, kí ó sì mọ ìgbà tí yóò panu mọ́ kí olórin tó lanu. Ní ojú tiwa, ohun méjì yìí, ìfararora àti mímọ ìgbà tí a ń dákẹ́, ni Edmonds gbé láti rédíò wọ ètò ọmọdé.

Ọjà pàṣípààrọ̀

Ní ọjọ́ 2, oṣù kẹwàá, ọdún 1976, BBC bẹ̀rẹ̀ ètò Multi-Coloured Swap Shop ní òwúrọ̀ Sátidé. Edmonds ni atọ́kùn àgbà rẹ̀ títí ó fi kásẹ̀ nílẹ̀ ní oṣù kẹta ọdún 1982. Rosemary Gill, tí ó ti ṣiṣẹ́ lórí Blue Peter, ni olóòtú rẹ̀. Kí ètò yìí tó dé, àgbà ni ó sábà máa ń sọ̀rọ̀, tí ọmọ ń wò. Blue Peter, tí ó ti wà láti 1958, gbajúmọ̀ fún títọ́ ọmọ sọ́nà: àgbà á ṣe nǹkan, ọmọ á wò ó, á sì ṣe irú rẹ̀ nílé.

Swap Shop yí i padà. Ọmọ á fi tẹlifóònù pe ètò náà, á sọ ohun tí ó ní àti ohun tí ó fẹ́ gbà dípò rẹ̀. Ojú-ẹsẹ̀ ni ètò náà ń lọ, fún ohun tí ó ju wákàtí méjì lọ. Kò sí ẹni tí ó kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún ọmọ náà. Ó ní láti ṣe àpèjúwe ẹrù rẹ̀, kí ó díye lé e nínú ọkàn ara rẹ̀, kí ó sì yí ẹlòmíràn lọ́kàn padà. Bí a bá wò ó dáadáa, iṣẹ́ èdè gidi ni èyí. Edmonds á béèrè ìbéèrè kúkúrú, á sì dúró gbọ́ ìdáhùn. Àwọn gbajúmọ̀ olórin tí ó wá sí ètò náà pẹ̀lú ní láti dáhùn ìbéèrè àwọn ọmọ lórí tẹlifóònù.

Ní àkókò kan náà ni Tiswas ń lọ lórí ITV, tí Chris Tarrant wà lára àwọn atọ́kùn rẹ̀. Omi dída síra ẹni lára àti ariwo ni tiwọn. Àwọn kan gbà pé Tiswas ni ó tú ọmọdé sílẹ̀, pé ètò ọmọ tí a tọ́ dáadáa ni ti Edmonds. A kò fara mọ́ èrò yìí pátápátá. Tiswas fún ọmọ ní ẹ̀rín. Swap Shop fún un ní ọ̀rọ̀ sọ. Ẹni tí ń rẹ́rìn-ín lè jẹ́ òǹwòran síbẹ̀.

Àléébù

Swap Shop náà ní àbùkù. Ọ̀pọ̀ ilé ní Bìrìtìkó nígbà náà ni kò ní tẹlifóònù. Bákan náà, ọmọ tí kò ní ohun ìṣeré kò ní ohun tí yóò fi ṣe pàṣípààrọ̀. Ọmọ tálákà wá di ẹni tí ń wo ọjà láti òkèèrè. Òótọ́ ni pé Keith Chegwin máa ń lọ sí oríṣiríṣi ìlú fún Swaporama, níbi tí àwọn ọmọ ti ń gbé ẹrù wá pàdé ara wọn lójúkojú. Èyí yanjú ọ̀rọ̀ tẹlifóònù. Kò yanjú ti òfìfo ọwọ́.

Ewu mìíràn ni pé ẹni tí a fún láàyè lè sọ ohunkóhun. Nínú Saturday Superstore, ètò tí ó rọ́pò Swap Shop, ẹnì kan pè ní 1984, ó sì bú ẹgbẹ́ olórin Matt Bianco lójú ayé. Ṣùgbọ́n èébú lásán kò tó ìdí láti gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu gbogbo ọmọ.

Ìyípadà tí ó wúwo jù wà nínú iṣẹ́ Edmonds fúnra rẹ̀. Nínú The Late Late Breakfast Show, ètò rẹ̀ fún gbogbo ìdílé láti 1982, wọ́n ń pe àwọn ará ìlú láti wá ṣe ohun eléwu. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1986, òǹwòran kan tí ó fara rẹ̀ sílẹ̀ kú níbi ìgbáradì fún ọ̀kan nínú wọn. Ètò náà parí síbẹ̀. Ní Swap Shop, ẹrù ni ọmọ gbé wá, ohùn rẹ̀ sì ni a gbọ́. Níhìn-ín, ara ènìyàn ni ó di ẹrù ọjà. Nínú Noel's House Party, láti 1991 sí 1999, dídẹ pàkúté fún ẹni tí kò fura di orísun ẹ̀rín. Atọ́kùn náà kò pàdánù ìfararora rẹ̀. Etí rẹ̀ ni kò ṣiṣẹ́ bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Ìfararora láìsí ìgbọ́ràn a máa sọ ẹni tí ó fọkàn tán wa di ohun èlò.

Àgbálọgbábọ̀

Kí ni èyí kan olùkọ́ni-lọ́la? Apààlọ́ wa kò jẹ́ bẹ̀rẹ̀ láìpe “Ààlọ́ o!”, bí ọmọ kò bá sì dáhùn “Ààlọ̀!”, kò níí tẹ̀ síwájú. Ìdáhùn ọmọ ni àṣẹ rẹ̀. Olùkọ́ tí ó ń fi ọmọ kan ṣe yẹ̀yẹ́ kí ìyókù lè rẹ́rìn-ín ti kúrò ní ọjà pàṣípààrọ̀, ó ti bọ́ sí ibi tí a ti ń fi ènìyàn ṣe ìran wò. Ìmọ̀ràn wa ni pé kí akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá ń lọ fún ìdánrawò iṣẹ́ olùkọ́ gba ohùn ẹ̀kọ́ kan sílẹ̀, kí ó sì tẹ́tí sí i nígbà tí ó bá délé. Kí ó ka iye ìgbà tí òun béèrè ìbéèrè tí òun sì tún dáhùn rẹ̀ fúnra òun. Níbẹ̀ ni àtúnṣe yóò ti bẹ̀rẹ̀.